Ẹ Kọrin Kí Ẹ Tó Kọjá

Waliyat, tó bá àwọn ọ̀dọ́ dí ọ̀nà Ajah lọ́jọ́ ìwọ́de, ló kọ́kọ́ sọ ọ́ fún mi. Wọ́n ní kí bàbá kan kọ orin rọ́ọ̀kì tí wọ́n fi ń ṣe ìwọ́de kó tó kọjá.

Bàbá kọ ọ́: "A ò ní jó ilé ara wa."

"Ti àtijọ́ nìyẹn! 'A ó jó o' là ń kọ. Ìjọba ló rán yín, àbí?"

Ó tún un kọ bákan náà. Igi bà á lẹ́nu, eyín fò jáde. Ó tu ẹ̀jẹ̀, ó gbé orin náà sókè, pẹ̀lú ohùn tí wọ́n ti ń gbọ́ lórí rédíò láti kékeré.

"Yéè! Ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ kọ orin yìí?" Ọkùnrin dọ̀bálẹ̀, obìnrin kúnlẹ̀. "Bàbá wa, ẹ máa kọjá."

Wọ́n dìde, wọ́n ṣáná sí ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà. "A ó jó o!"

Bàbá ń lọ, kò bojú wẹ̀yìn.