Títí Ẹjọ́ Á Fi Parí

Àwọn agbowó orí gbé ọkọ̀ akẹ́rù wá sẹ́nu ọ̀nà ilé ìtẹ̀wé. Wọ́n fẹ́ kó ẹ̀rọ tí bàbá fi sílẹ̀ kú, nítorí gbèsè owó orí tó jẹ.

Dàwódù, àkọ́bí bàbá, na ìwé kóòtù sí wọn lójú.

"Ẹ lajú, kí ẹ kà á! Kóòtù ní ẹ ò gbọdọ̀ fọwọ́ kan nǹkan kan níbí títí ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn wa á fi parí. Olè ni gbogbo yín!"

Wọ́n kà á. Wọ́n wọkọ̀, wọ́n lọ.

Dàwódù bú sẹ́rìn-ín, ó pe ẹni tó fẹ́ ra ẹ̀rọ náà lórí fóònù. Àtìgbà tí wọ́n ti sin bàbá ló ti ń wá oníbàárà.

Àbúrò rẹ̀ obìnrin ò gbójú sókè níbi tó ti ń tẹ̀wé. Òun ló ń bá bàbá tẹ̀wé láti kékeré; tàdáwà ò kúrò léèékánná rẹ̀ rí.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ayọ̀ gbé yín jáde ní kóòtù kí adájọ́ tó sọ̀rọ̀ tán."

"Kí ló tún sọ?"

"Ó ní àwa ọmọ náà ò gbọdọ̀ ta ẹ̀rọ kankan títí ẹjọ́ á fi parí."

Fóònù ń ké "hẹlóò, hẹlóò" lọ́wọ́ Dàwódù. Ó pa á.

"Ẹjọ́ tó lè pẹ́ ju ayé wa lọ! Kòkòrò tó ń jobì, inú obì ló wà. Ta ni ọmọ àlè tó lọ fẹjọ́ wa sun àwọn agbowó orí?"

Àbúrò nu ọwọ́.

"Èmi ni, kí ẹ má baà rí ẹ̀rọ bàbá tà. Ẹ yẹ̀ lẹ́nu ẹ̀rọ, ẹ̀gbọ́n mi. Iṣẹ́ oníṣẹ́ ń jáde."