Ohun Tí Halszka Bá Gé

Ní Łódź, ìlú àwọn oníṣẹ́ fíìmù ní Poland, bí olùdarí fíìmù kan bá ti ba iṣẹ́ jẹ́, ọ̀dọ̀ Halszka Wierzbicka ló ń gbé e sá lọ. Láti ìgbà tí Ogun Àgbáyé Kejì ti parí ló ti ń gé fíìmù tó sì ń lẹ̀ ẹ́ pọ̀, kò sì sẹ́ni tó lè rí ojú ibi tó ti lẹ̀ ẹ́. Wọ́n máa ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́ nídìí oúnjẹ pé ohun tí Halszka bá ti gé, kò ṣẹlẹ̀ rí.

Nítorí náà, kò yà á lẹ́nu nígbà tí Kápténì Gorczyca, ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́, gbé fíìmù wá bá a ní ìgbà òtútù ọdún 1982.

“Ìwọ́de ọjọ́ Sátidé ni, Màdáámù. Ẹ gé e fún ìròyìn tẹlifíṣàn, bó bá ṣe wù yín. Ẹ tọ́jú ẹ o, òun nìkan ló wà. Ẹ má sì sọ fún ẹnikẹ́ni.”

“Ṣé kò sẹ́lòmíì tó lè ṣe é ni?”

“Ọwọ́ yín là ń fẹ́.”

Orí rẹ̀ wú díẹ̀. Nígbà tí ọkùnrin náà lọ tán, ó ti ilẹ̀kùn, ó tan ẹ̀rọ.

Fíìmù náà ò ní ohùn. Kóńdó ń sọ̀ kalẹ̀ lórí àwọn èèyàn láìdún. Arúgbó obìnrin kan ṣubú, bàtà ọlọ́pàá sì tẹ ọwọ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀ kọjá. Lẹ́yìn náà ni ọmọkùnrin kan tó fi sikáàfù bojú já kóńdó gbà lọ́wọ́ ọlọ́pàá kan tí akoto rẹ̀ ti bọ́. Ó là á mọ́ ọn lórí. Ọlọ́pàá náà kúnlẹ̀. Ó tún lù ú, ó tún lù ú, títí ẹ̀jẹ̀ fi rin yìnyín, tí ọkùnrin náà ò mira mọ́.

Èjìká òsì ọmọ náà ga ju ọ̀tún lọ. Radek, ọmọ Halszka, já bọ́ lórí igi ní kékeré, egungun èjìká òsì rẹ̀ ò sì tò dáadáa mọ́.

Láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú, Halszka ti rí i pé ọwọ́ Radek wú bó ṣe ń jẹ búrẹ́dì.

“Kí ló ṣe ọ́ lọ́wọ́?”

“Mo ṣubú lórí yìnyín ni, Màmá. Ẹ jẹ́ n jẹun, jàre.”

Wọ́n ń yẹgi fún èèyàn nítorí irú èyí. Ẹ̀rù ba Halszka. Ó jáde láti gba atẹ́gùn. Ludwika, agéfíìmù tó wà ní yàrá kejì, fara ti ògiri, ó ń mu sìgá, ojú rẹ̀ ti fà ro.

“Kí ló dé, Ludwika?”

“Iṣẹ́ burúkú ni wọ́n gbé fún mi. Má bi mí.”

Halszka ò bi í. Ó padà wọlé, ó mú sísọ́ọ̀sì. Ó yọ Radek kúrò díẹ̀díẹ̀, ó fi ojú arúgbó yẹn dípò rẹ̀, ó fi ẹ̀yìn èrò dípò rẹ̀, títí ó fi jẹ́ pé ńṣe ni ọlọ́pàá náà kàn ṣubú láàárín èrò, tẹ́nikẹ́ni ò lè sọ ẹni tó lù ú. Ó jó àwọn àgékù rẹ̀ nínú sítóòfù. Nínú gbogbo iṣẹ́ tó ti ṣe láyé rẹ̀, èyí ló dára jù, òun náà sì mọ̀.

Gorczyca wò ó dópin.

“Ẹ kú iṣẹ́, Màdáámù. N ò rí ojú ibi tẹ́ ẹ ti lẹ̀ ẹ́.”

Ìgbà yẹn ni Halszka ṣẹ̀ṣẹ̀ mí kanlẹ̀.

“A gbọ́ pé ọmọ ọ̀kan nínú ẹ̀yin agéfíìmù ló pa ọlọ́pàá yẹn, a ò kàn mọ ọmọ ta ni, la ṣe fún gbogbo yín ní ẹ̀dà kọ̀ọ̀kan,” ni Gorczyca wí bó ṣe ń de bọ́tìnnì kóòtù rẹ̀, “ẹ̀yin nìkan lẹ yọ ọmọ náà kúrò.”