Búrẹ́dì Inú Sinimá

Olùdarí sinimá sáré wọ iwájú kámẹ́rà, ó di Ìyá Pohl lọ́wọ́ mú. Opó tí wọ́n háyà láti ṣe tálákà nínú sinimá kan nípa ebi ní ìlú Berlin ti ki búrẹ́dì kan sábẹ́ aṣọ.

"Ìyá, ẹ má jẹ ẹ́! Èmi ni mo ní kí wọ́n wọ́n kẹrosíìnì sí i, kí ẹ má baà jẹ ẹ́ tán kí a tó ya sinimá parí."

"Mo mọ̀, ọ̀gá. Ti àná náà rùn. Mo bó èèpo rẹ̀, àwọn ọmọ-ọmọ mi sì jẹ ẹ́. Wọ́n ní kí n bá àwọn dúpẹ́ lọ́wọ́ yín."

Ayàwòrán ṣì ń yí kámẹ́rà. "Ọ̀gá, ẹ ti wọ inú àwòrán o! Ẹ yàgò!"

Olùdarí kò yà. Ó ṣì di Ìyá Pohl lọ́wọ́ mú.