Ìwádìí ní Oko Leah

Màmá Dọ̀tun kò sọ fún ọmọ rẹ̀ pé Ìbàdàn ni òun ń lọ. Ó ní òun fẹ́ lọ kí ọ̀rẹ́ kan ní Ìwó, ó sì wọ ọkọ̀ ní Òṣogbo kí oòrùn tó mú.

Olúwadọ̀tun nìkan ni Ọlọ́run fi fún un, ó sì ti pẹ́ tó ti ń gbàdúrà kí ó mú ìyàwó wálé. Ṣùgbọ́n nígbà tí ọmọ náà dárúkọ Leah, tó ní iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa kọ́ àwọn arìnrìn-àjò ní sísè oúnjẹ Ítálì, kó sì máa bu wáìnì fún wọn tọ́ wò, oorun dá lójú ìyá. Ìyá ìjọ ni nínú ìjọ aládùúrà wọn. Ọtí kò kan ẹnu rẹ̀ rí.

“Màámi, tí ẹ bá ti ní rárá, rárá náà ni,” Olúwadọ̀tun wí.

Kò sí ẹbí tó mọ iyì ara rẹ̀ tí í gbé ìyàwó láìṣe ìwádìí. Wọ́n á bi aládùúgbò, wọ́n á bi ará ìjọ, wọ́n á yọ́ wo ilé. Màmá Dọ̀tun kò rán ẹnikẹ́ni. Ó pe ara rẹ̀ ní Màmá Marvellous, alásè láti Òṣogbo, ó sì wá fi ojú ara rẹ̀ rí i. Ohun kan ṣoṣo ló fẹ́ mọ̀: ṣé ọmọbìnrin náà máa ń gbé ọtí náà mì?

Oko tí Leah ti ń ṣiṣẹ́ yìí wà lẹ́yìn Olódò, ní ìpẹ̀kun Ìbàdàn, níbi tí ilé tuntun kò tíì jẹ ilẹ̀ tán. Abẹ́ àtíbàbà onípáànù ni wọ́n ti ń dáná. Leah jáde pẹ̀lú ìyẹ̀fun lọ́wọ́. Ó wo àlejò náà lójú, ó kúnlẹ̀, ó sì pẹ́ díẹ̀ kó tó dìde.

“Ẹ káàbọ̀ mà. Ṣé ọ̀nà dáa?”

“A dúpẹ́, ọmọ mi. Èmi ni Màmá Marvellous.”

“Bẹ́ẹ̀ ni mà.” Ó ní òun ń bọ̀, ó mú fóònù, ó bọ́ sẹ́yìn ilé.

Tọkọtìyàwó kan láti Èkó ti jókòó. Wọ́n ti ń fọ́ ẹyin sínú ìyẹ̀fun nígbà tí ọ̀kadà já bàbá àgbàlagbà kan sílẹ̀. Ó ní Hezekiah lorúkọ òun, pé ẹ̀kọ́ kò mọ àgbà. Leah fi í sẹ́gbẹ̀ẹ́ Màmá Dọ̀tun pé kí àwọn méjèèjì jọ máa po ìyẹ̀fun.

“Ẹ rọra, ìyá. Ìyẹ̀fun yìí ò bá yín jà,” ni bàbá náà wí.

“Ẹni tó ti gúnyán dàgbà, ibo ló ti fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń rọra?”

Bàbá náà rẹ́rìn-ín. “Ọmọ mélòó lẹ bí?”

“Ọ̀kan.”

“Bàbá rẹ̀ ńkọ́?”

“Wọ́n ti sùn. Jàǹbá mọ́tò ni.”

“Ẹ pẹ̀lẹ́. Àwọn ará ilé ọkọ yín ńkọ́, ṣé ẹ ṣì jọ ń sọ̀rọ̀?”

Ọwọ́ Màmá Dọ̀tun dúró. Ó rò ó pé bóyá bàbá yìí ti fura sí òun.

“Bàbá, ṣé ẹ fẹ́ fẹ́ mi ni?”

Ìyàwó ará Èkó bú sẹ́rìn-ín. “Ẹnu ló ń yún mi,” ni Bàbá Hezekiah wí, ó sì tẹjú mọ́ iṣẹ́.

Wọ́n gé ìyẹ̀fun náà wẹ́wẹ́ bí okùn tẹ́ẹ́rẹ́. Wọ́n se tòmátì ọjà Ṣáṣá pẹ̀lú ewé kan tó ń ta sánsán bí efinrin. Lẹ́yìn náà ni Leah gbé ìgò méjì jáde, ó gbé abọ́ kan sáàárín tábìlì.

“Ẹ gbóòórùn rẹ̀, ẹ fi yọ ẹnu, ẹ tu ú sínú abọ́. Ìtọ́wò la fẹ́ ṣe, a ò fẹ́ mutí.”

Òun ló kọ́kọ́ ṣe é. Màmá Dọ̀tun tẹjú mọ́ ọ̀fun rẹ̀. Ọ̀fun náà kò mì. Leah tu funfun, ó tu pupa, ó sì fi omi yọ ẹnu. Ohun tó ti dì mọ́ ìyá náà láyà láti Òṣogbo tú.

Ló bá kan àwọn àlejò. Àwọn ará Èkó kò tilẹ̀ wo abọ́. Wọ́n mu tiwọn tán. Bàbá Hezekiah fi ọwọ́ bo ife rẹ̀.

“Oúnjẹ ni èmi wá kọ́. Ṣùgbọ́n alásè bíi tiyín, ìyá, ẹ ó ti mọ adùn rẹ̀.”

Leah bu ìwọ̀nba díẹ̀ fún Màmá Dọ̀tun, ó ti abọ́ náà títí ó fi kan ọwọ́ rẹ̀. “Abọ́ rèé mà. Ẹ tu ú, mà. Kò sóhun tó burú níbẹ̀.”

Màmá Dọ̀tun wo ife, ó wo abọ́. Bó bá kọ̀ ọ́, wọ́n á mọ̀ pé kì í ṣe alásè. Bó bá sì tu ú, ó ti tàbùkù ẹni tó bu ú fún un. Ní ilé tí wọ́n ti tọ́ ọ, ẹnìkan kì í tu ohun tí wọ́n fi ṣe é lálejò sílẹ̀ lójú ẹni tó fún un. Ó tọrọ ìdáríjì nínú ọkàn rẹ̀, ó gbé e mì.

Leah tún ti abọ́ náà sún mọ́ ọn. “Mà, abọ́…”

“Ó dùn,” ni Màmá Dọ̀tun wí, kí ara lè tu ọmọ náà.

“Ṣé kó bu pupa náà?” ni Bàbá Hezekiah bi í.

“Kó bù ú.”

Ó gbé ìyẹn náà mì. Bàbá Hezekiah kò dúró jẹun. Ó ní wọ́n ń retí òun nílé.

Nígbà tí Màmá Dọ̀tun fẹ́ máa lọ, Leah tún kúnlẹ̀. Ìyá náà gbé ọwọ́ lé e lórí, ó ní Ọlọ́run yóò jẹ́ kí àwọn tún fi ayọ̀ ríra. Díẹ̀ ló kù kí àmín má jáde lẹ́nu ọmọbìnrin náà.

Ọkọ̀ kò tíì kúrò ní Olódò tí fóònù fi dún. Olúwadọ̀tun ni. Ìyá náà rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ti ní bẹ́ẹ̀ ni lẹ́nu fún ìgbéyàwó náà.

“Màámi,” ni Olúwadọ̀tun wí, “fọ́tò yín tó wà lọ́wọ́ mi ni Leah fi dá yín mọ̀ kí ẹ tó jókòó, ó sì pe ilé wọn, ẹ̀gbọ́n bàbá rẹ̀, Bàbá Hezekiah, tí ẹbí wọn ní kó ṣe ìwádìí wa, sì ti délé jábọ̀, wọ́n ní aládùúrà ni àwọn, àwọn ò lè fi ọmọ fún ilé tí ìyá ti ń mutí.”