Páálí Abẹ́ Ẹsẹ̀ Ọ̀gá

"Tún pè wọ́n!"

Ọ̀gá àgbà nínú ọmọ ogun ojú omi ló jágbe bẹ́ẹ̀ mọ́ ẹni tó wà nídìí rédíò. Ó jókòó, ó fi ẹsẹ̀ ọ̀tún lé páálí kan bí ẹni tó tẹ ejò mọ́lẹ̀. Ọkọ̀ kékeré kan ló ń sáré bọ̀ wá bá ọkọ̀ ogun wọn tààrà.

"Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni mo ti pè wọ́n, sà. Wọn ò fọhùn."

"Olè wo ló ń jẹ́ ìpè? Ẹ yìnbọn lù ú!"

Ẹni tó bá kọ́kọ́ yìnbọn ló ń délé sọ ìtàn. Ọgbọ́n yẹn ló gbé e dé ipò láti ọgbọ̀n ọdún.

Ìbọn ńlá bú gbàù. Ọkọ̀ kékeré náà fọ́ yángá, apá ẹnìkan fò sókè, omi pọ́n bí epo. Ẹnì kan ṣoṣo ni wọ́n rí fà jáde láàyè, apẹja arúgbó kan tí ikùn rẹ̀ ti ya. Wọ́n gbé e wá síwájú ọ̀gá.

"Baba, kí ló dé tẹ́ ò dáhùn?"

"Àwọn ajalèlókun ló ń lé wa, ọmọ mi. Ẹ̀yin la sá wá bá."

"Rédíò yín ńkọ́?"

Arúgbó náà wò ó bí ẹni tí wọ́n ń fi ṣe yẹ̀yẹ́. "Ṣebí ẹ̀yin lẹ gba ti gbogbo apẹja lọ́jọ́ Mọ́ńdè, pé ká má baà fi bá olè sọ̀rọ̀?"

Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ṣàn lórí irin títí ó fi kan páálí. Páálí náà rin, ó ya, ẹsẹ̀ ọ̀gá àgbà sì rì sáàárín àwọn rédíò.