Ìbò Àwọn Ará Òkè-Òkun

Ọ̀sán Àìkú ni wọ́n fi ìpàdé ẹbí sí ní Ìwó, láti dìbò bóyá kí wọ́n ta ilé bàbá wọn tàbí kí wọ́n fi í sílẹ̀. Hàbíbátù nìkan ló ṣì ń gbé inú rẹ̀. Ó ti lé ní àádọ́rin ọdún. Sàréè bàbá rẹ̀ wà lẹ́yìnkùlé, kò sì níbòmíràn tí yóò forí pamọ́ sí.

Àwọn méje nílé ni yóò dìbò. Hàbíbátù ti bá wọn sọ̀rọ̀ níkọ̀ọ̀kan. Òun àti àwọn mẹ́ta ò ní í tà. Ohun tó ń bà á lẹ́rù ni lẹ́tà márùn-ún tí àwọn ọmọ ẹbí tó wà lókè-òkun fi ìbò tiwọn sí. Kareemah, ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó fọwọ́ ara rẹ̀ tọ́, wà lára wọn. Ọdún kọkànlá rèé tí kò ti fẹsẹ̀ tẹ Ìwó.

Adédìpẹ̀, ọmọ àbúrò Hàbíbátù tó mú ẹni tí yóò ra ilé wá, ló lọ gba àwọn lẹ́tà náà ní ilé ìfìwéránṣẹ́. Ó kó wọn síwájú Mọ́gàjí Mùrí, olórí ẹbí.

“Bàbá, ẹ ka èyí mọ́ ìbò tiwa. Ẹ̀jẹ̀ wa ni wọ́n.”

Hàbíbátù dìde. “Ta ló wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń kọ ọ́? Bó bá ṣe pé ìwọ lo jókòó sílé tó o kọ márààrún ńkọ́?”

“Màmá, ẹ bẹ̀rù Ọlọ́run!”

“Mo bẹ̀rù Rẹ̀. Ìwọ ni mi ò gbà gbọ́.”

Adédìpẹ̀ lu tábìlì, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ sunkún. Bó ṣe ń jà fún àwọn lẹ́tà náà tó, bẹ́ẹ̀ ni ara túbọ̀ ń fu Hàbíbátù. Níkẹyìn, ó fi orúnkún tó ń dùn ún kúnlẹ̀ fún Mọ́gàjí. Àánú rẹ̀ ṣe bàbá náà. Ó ní kí wọ́n sun àwọn lẹ́tà náà láìtú wọn, kí ìjà lè tán. Hàbíbátù fúnra rẹ̀ ló ṣáná sí wọn.

Wọ́n ní kí àwọn tó fẹ́ tà á nawọ́. Adédìpẹ̀ àti àwọn méjì tirẹ̀ nawọ́. Zakiyyah, àbúrò Hàbíbátù, tó ti fi Kùránì búra fún un, wolẹ̀. Òun náà nawọ́.

Mẹ́rin sí mẹ́ta.

Lọ́jọ́ kejì, Hàbíbátù ń di ẹrù rẹ̀ lọ́wọ́ nígbà tí Kareemah pè é láti Kánádà.

“Màmá, ẹ fọkàn balẹ̀ o! Àwa márààrún la kọ ọ́ pé kí wọ́n má ta ilé yín, a sì ti sọ bẹ́ẹ̀ fún Bùrọ̀dá Adédìpẹ̀ lórí fóònù lọ́sẹ̀ tó kọjá. Wọ́n ní àwọn á jà fitafita kí wọ́n lè kà á.”