Àmì Orí Pátákó Ìyá Ọkọ̀

Láàárọ̀, wọ́n so káàdì àlejò mọ́ mi lọ́rùn ní àdúgbò tí wọ́n bí mi sí. Èmi àti àwọn àlejò yòókù fẹsẹ̀ rìn lórí gíláàsì tí wọ́n tẹ́ bo ọ̀sà, ẹ̀rọ etí sì ń sọ ìtàn ibi kọ̀ọ̀kan fún wa. Òfin ní ẹ̀rọ nìkan ló gbọdọ̀ pìtàn níbẹ̀.

Nígbà tó di ọ̀sán, a dé èbúté ìyá mi. Mo ka pátákó rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì: “Èbúté Ìyá Ọkọ.” Ẹ̀rọ ní ìyá ọkọ burúkú kan ló ti ìyàwó ọmọ rẹ̀ sómi níbẹ̀.

“Tèmi náà ì bá tì mí,” obìnrin tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi wí. Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín.

Mo yíjú sí Adùnọlá, obìnrin tó ń mú wa kiri. “Ìyá Ọkọ̀ ni. Ìyá mi ló ń kan ọkọ̀ fún gbogbo apẹja etí omi yìí. Kò ti ẹnikẹ́ni sómi.”

“Ẹ má bínú, Mà. Ohun tí ẹ̀rọ bá sọ ni ìtàn. Ẹ̀rọ ò sì ka àmì ohùn.”

Mo ti pé ọgọ́ta ọdún kí n tó mọ̀wé kà, “Ọkọ̀” inú orúkọ ìyá mi ni mo sì fi kọ́ àmì ohùn: re, dò. Mo yọ tìróò nínú báàgì mi, mo fa àmì dò náà sórí “Ọkọ” ara pátákó.

“Mà, wọ́n á gba káàdì yín o.”

Mo bọ́ ọ lọ́rùn, mo nà án sí i. “Gbà á. Ta ló ń ṣe àlejò nílé ìyá ẹ̀?”